Ọkọ̀ Kékeré àti Ẹrù Ìyá

Obìnrin mìíràn wà tó jẹ́ pé ojú ọkùnrin ló máa kọ́kọ́ rí kí ọkàn rẹ̀ tó yọ́. Ti ẹlòmíràn, ohùn ni. Ti ẹlòmíràn, bàtà tó ń dán bíi díńgí ni. Ní ti Abẹ́rẹ́, ọwọ́ ni. Ọwọ́ méjì péré, lórí sítíárìn ọkọ̀ kékeré aláwọ̀ ewé kan, tí wọ́n dì í mú bí ẹni di ẹyin mú: kò fún un pa, kò sì jẹ́ kó bọ́.

Lọ́jọ́ tó kọ́kọ́ wọ inú ọkọ̀ yẹn láti kọ́ bí wọ́n ṣe ń wa mọ́tò, kò gbọ́ ìdajì ohun tí olùkọ́ ń sọ. Ọwọ́ ló ń wò. Nígbà tí olùkọ́ ní kó tẹ bíréèkì, iná ló tẹ̀, ọkọ̀ sì fò síwájú bí ọ̀pọ̀lọ́ tí wọ́n da omi gbígbóná sí lára. Olùkọ́ ò pariwo. Ó fi ẹsẹ̀ tirẹ̀ tẹ bíréèkì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó ní, "Jẹ́jẹ́, ọmọ dáadáa. Ọkọ̀ yìí fúyẹ́. Ohun tó bá fúyẹ́, àṣẹ kékeré ló ń gbọ́. Kò dìgbà tá a bá jágbe mọ́ ọn."

Abẹ́rẹ́ mí kanlẹ̀. Bí ẹni pé òun ni wọ́n ń bá wí, kì í ṣe ọkọ̀.

Jẹ́jẹ́ yìí ni gbogbo ẹni tó ti kọ́ ọkọ̀ lọ́dọ̀ rẹ̀ ń pè é, nítorí ọ̀rọ̀ tó máa ń wà lẹ́nu rẹ̀ nìyẹn láti àárọ̀ títí ilẹ̀ á fi ṣú. Abẹ́rẹ́ ní tirẹ̀, aránṣọ ni, ó sì rí tín-ín-rín bíi irinṣẹ́ rẹ̀; ẹni tó sọ ọ́ lórúkọ ò nílò kó ronú púpọ̀. Kí ẹ̀kọ́ ọkọ̀ tó parí, ìfẹ́ wọn ti gba ìwé àṣẹ. Nínú búùtù ọkọ̀ náà, àpótí sípíkà ńlá kan wà tí Jẹ́jẹ́ fi ọwọ́ ara rẹ̀ kàn, pákó rẹ̀ ń dán, ohùn rẹ̀ sì máa ń wọni lára bí òjò àkọ́rọ̀. Nídìí sípíkà yẹn ni wọ́n ti máa ń jókòó nírọ̀lẹ́, tí wọ́n á ṣí búùtù sílẹ̀, tí orin á máa dún wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́. Ibẹ̀ náà ni Jẹ́jẹ́ ti bi í léèrè bóyá yóò fẹ́ òun. Abẹ́rẹ́ ní bẹ́ẹ̀ ni kí ọ̀rọ̀ náà tó jáde tán lẹ́nu rẹ̀, ìtìjú sì mú un títí ó fi délé.

Ó ku ìyá.

Ìyá Abẹ́rẹ́ kì í ṣe ẹni tí wọ́n ń fi ọ̀rọ̀ dídùn rà. Opó wẹ́dà ni. Ọkọ rẹ̀ tó ti lọ fi gbogbo ayé rẹ̀ jó irin ilẹ̀kùn àti irin fèrèsé fún gbogbo àdúgbò. Obìnrin náà sanra, ó ga, bó bá jókòó, àga á mọ̀ pé èèyàn jókòó. Bó bá sì sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ náà á jókòó bákan náà. Nígbà tí Abẹ́rẹ́ mú Jẹ́jẹ́ wá sílé, ìyá wò ó, ó wo ọkọ̀ rẹ̀ láti ojú fèrèsé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì kẹta, ó tún wò ó.

"Ọmọ náà dáa," ló sọ fún ọmọ rẹ̀ lẹ́yìn tí àlejò ti lọ. "Ẹnu rẹ̀ mọ́, ó sì mọ ẹni tí wọ́n ń kí. Ṣùgbọ́n ó fúyẹ́. Ọkọ̀ rẹ̀ fúyẹ́, ohùn rẹ̀ fúyẹ́, ẹ̀rín rẹ̀ gan-an fúyẹ́. Bàbá rẹ, tó bá wọlé, ilẹ̀ á mì. Ṣé irú èyí ló máa gbé ẹrù ilé?"

"Mọ́mì, ọkọ̀ tó wúwo náà ní tirẹ̀. Ṣé ẹ rántí jíìpù àbúrò yín?"

"Fi àbúrò mi sílẹ̀."

Àbúrò ìyá, tí gbogbo ẹbí ń pè ní Bọ̀ọ̀dá Jíìpù, ló yẹ kó wá kó ẹrù ìyá. Orúnkún ìyá ti kọ àtẹ̀gùn pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, ó sì ti gbà láti lọ máa gbé pẹ̀lú ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin tó ní ilé ilẹ̀ lódìkejì òkè. Ṣùgbọ́n jíìpù ńlá náà ti wà lọ́dọ̀ mẹkáníìkì ó ti pẹ́, koríko sì ti ń hù yí táyà rẹ̀ ká. Jẹ́jẹ́ ní òun á wá. Ìyá ní, "Ó dáa. Kó gbé mi lọ. Tá a bá dé ọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n mi, mà á fún un lésì ọ̀rọ̀ tó bá wá. Bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́, ibẹ̀ ló ti máa gbọ́ ọ."

Báyìí ni gbogbo ayé Abẹ́rẹ́ ṣe wọ inú ọkọ̀ kékeré kan.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, Jẹ́jẹ́ dé, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun tó lọ̀ gbẹ. Abẹ́rẹ́ ń wò ó látòkè bó ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀. Bọ̀ọ̀dá Jíìpù ti wà nísàlẹ̀, ó gbé ọwọ́ lé ìbàdí, ó ń yí ọkọ̀ náà ká bí ẹni ń wo ewúrẹ́ tí wọ́n fẹ́ tà fún un lọ́nà ẹ̀bùrú.

"Olùkọ́, ẹ káàárọ̀ o. Ibo lẹ gbé ọkọ̀ yòókù sí?"

"Èwo nìyẹn, Bọ̀ọ̀dá?"

"Èyí tí èyí jẹ́ ọmọ rẹ̀."

Jẹ́jẹ́ rẹ́rìn-ín. "Ìyá rẹ̀ ń bọ̀ lọ́nà, sà. Òun ló ń fa jíìpù yín bọ̀ láti ọ̀dọ̀ mẹkáníìkì."

Bọ̀ọ̀dá Jíìpù fẹ́ bínú, ẹ̀rín ló bọ́ lẹ́nu rẹ̀. "Ẹnu ẹ mú o! Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́, tí ẹ̀gbọ́n mi bá sín nínú nǹkan yìí, gíláàsì ẹ̀ á fò lọ ni."

"Abẹ́rẹ́ kéré lóòótọ́, Bọ̀ọ̀dá," ni Jẹ́jẹ́ fèsì, ó sì gbé ojú sókè wo fèrèsé, "ṣùgbọ́n kì í ṣe mímì fún adìyẹ."

Lókè lọ́hùn-ún, Abẹ́rẹ́ fi aṣọ fèrèsé bo ojú.

Ohun tí Jẹ́jẹ́ kọ́kọ́ mú jáde nínú ọkọ̀ ló ya gbogbo wọn lẹ́nu. Kì í ṣe okùn, kì í ṣe àpò. Òṣùwọ̀n ni, irú pẹlẹbẹ tí èèyàn máa ń gùn láti mọ̀ bó ṣe tẹ̀wọ̀n tó. Ó gbé e sílẹ̀ ní ibi tó tẹ́jú. Gbogbo ẹrù tí wọ́n bá gbé wálẹ̀, orí òṣùwọ̀n ló kọ́kọ́ ń dé. Máṣíìnì ìránṣọ àtijọ́ ti ìyá, tí wọ́n ti yọ kúrò lórí tábìlì rẹ̀. Àpótí aṣọ. Ìkòkò irin mẹ́ta. Bó ti ń wọ̀n wọ́n ló ń ṣírò lábẹ́lẹ̀, ètè rẹ̀ ń mì bíi ti ẹni ń gbàdúrà. Ó wọn sípíkà tirẹ̀ náà, ó wò ó, ó ní, "Ìwọ náà ṣì lè bá wa lọ," ó sì dá a padà sí ìdí búùtù, bí ẹni ń tẹ́ ọmọ sùn.

Nígbà tí ẹrù tó ṣe kókó ti tán, ó yíjú sí ìyá, tó jókòó sórí àga lẹ́nu ọ̀nà. Ó tẹrí ba.

"Ẹ jọ̀ọ́, Mọ́mì. Ó ku ẹ̀yin."

"Mo ti ṣe tán. Ṣé kí n wọlé?"

"Rárá o, Mọ́mì. Ó ku kí ẹ̀yin náà gun òṣùwọ̀n."

Ẹyẹ tó ń ké lórí òrùlé gan-an dákẹ́. Bọ̀ọ̀dá Jíìpù yíjú sí ògiri, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n. Abẹ́rẹ́ tó ń sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú ìrọ̀rí méjì lọ́wọ́ dúró lórí àtẹ̀gùn bí ẹni tí ìṣó gún lẹ́sẹ̀. Yéè! Ó ti tán. Ìfẹ́ tí òun fi ọdún kan tọ́ ti bá òṣùwọ̀n lọ.

"Kí n gun kí ni?" ni ìyá béèrè, wẹ́rẹ́.

Jẹ́jẹ́ ò mọ̀ pé iná ń jó lábẹ́ ẹsẹ̀ òun. Ojú iṣẹ́ ló fi ń wo ọ̀rọ̀. Ó ṣí ilẹ̀kùn ọkọ̀, ó na ìka sí bébà kékeré tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ẹ̀gbẹ́ férémù rẹ̀. "Ẹ wò ó, Mọ́mì. Àwọn tó ṣe ọkọ̀ yìí ti sọ ìwọ̀n tó lè gbé. Kì í ṣe ẹrù búùtù nìkan ni wọ́n ń bá wí. Èmi wà níbẹ̀, Abẹ́rẹ́ wà níbẹ̀, ẹ̀yin náà wà níbẹ̀. Ènìyàn náà lẹrù. Ọkọ̀ ńlá lè gbé wa kó má mọ̀. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ yìí, nítorí pé òun fúnra rẹ̀ ò wúwo, gbogbo ohun tá a bá gbé lé e ló máa mọ̀ lára. Ẹsẹ̀ bíréèkì á mọ̀ ọ́n, táyà á mọ̀ ọ́n, kọ́nà á mọ̀ ọ́n."

"Èmi ni ẹrù?"

"Mọ́mì..."

"Ẹ gbà mí, ẹ̀yin ará ilé! Ó wá fẹ́ ọmọ mi, ó ní ẹrù ni mí. Ọkọ tí mo fẹ́ fún ọgbọ̀n ọdún ò wọ̀n mí rí. Dókítà gan-an, mo lé e sá!"

"Mọ́mì, kò ní ín lọ́kàn bẹ́ẹ̀," ni Abẹ́rẹ́ bẹ̀bẹ̀, ìrọ̀rí ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Ìwọ, gbé ìrọ̀rí ẹ. Tàbí kó o kọ́kọ́ gbé e gun òṣùwọ̀n!"

Ẹ̀rín bẹ́ lẹ́nu Bọ̀ọ̀dá Jíìpù pátápátá. Jẹ́jẹ́ wá rí ihò tó kó sí. Ojú rẹ̀ pọ́n, ó yára gbé òṣùwọ̀n, ó tì í sábẹ́ ìjókòó. "Ẹ máà bínú, mà. Mà á kàn fojú díwọ̀n ni."

"Fojú dí ohun tó bá wù ẹ́."

Ó wo ìyá ní ìwò kan péré, ìwò onítìjú, ètè rẹ̀ mì lẹ́ẹ̀kan, ó sì kọjú sí iṣẹ́.

Kí ẹ wá rí Jẹ́jẹ́ bó ṣe ń to ẹrù! Abẹ́rẹ́ ti rí àwọn ọkùnrin tó ń di òdòdó fún obìnrin nínú ìwé ìfẹ́ tó máa ń kà lábẹ́ tábìlì ìránṣọ, kò sí èyí tó wú u lórí tó báyìí. Máṣíìnì tó wúwo, ó gbé e sílẹ̀ ọkọ̀, lẹ́yìn ìjókòó iwájú, láàárín ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ọkọ̀ gan-an. Ìkòkò irin ló tẹ̀ lé e, ó fi aṣọ sí àárín wọn kí wọ́n má bàa máa bá ara wọn jà. Àpótí aṣọ wọ búùtù, ó fara ti ìjókòó ẹ̀yìn típẹ́típẹ́, sípíkà wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ohun tó fúyẹ́ ló fi lé orí. Kò jẹ́ kí nǹkan kan ga ju orí ìjókòó lọ, kí òun lè máa rí ẹ̀yìn. Lẹ́yìn náà, ó mú ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ jáde, ó sì fún táyà ẹ̀yìn méjèèjì ní atẹ́gùn kún èyí tó wà níbẹ̀, nítorí pé ẹni tó máa gbẹ́rù, ó yẹ kó jẹun.

"Kí ló dé tí ohun tó wúwo ò wọ búùtù?" ni Abẹ́rẹ́ béèrè. Ó mọ̀ ọ́n o. Ó kàn fẹ́ gbọ́ ohùn rẹ̀ ni.

"Tí ẹni tó wúwo bá jókòó sí ìpẹ̀kun bẹ́ǹṣì, kí ló ń ṣe ìpẹ̀kun kejì?"

"Á gbéra nílẹ̀."

"Iwájú ọkọ̀ náà á gbéra. Bẹ́ẹ̀ táyà iwájú ló ń yà, òun náà ló ń dá ọkọ̀ dúró jù. Tí kò bá tẹlẹ̀ dáadáa, èmi á máa yí sítíárìn, ọkọ̀ á máa ronú."

Ó ku aago ògiri lókè. Àwọn méjèèjì gòkè lọ gbé e. Kò yẹ kó pẹ́. Ṣùgbọ́n yàrá ti ṣófo, oòrùn àárọ̀ tàn sí ilẹ̀ tí kò sí nǹkan kan mọ́, ohùn wọn sì ń dún padà láti ara ògiri.

"Tí Mọ́mì bá kọ̀ ńkọ́?" ni Abẹ́rẹ́ béèrè.

"Mà á tún padà wá béèrè."

"Tí wọ́n bá tún kọ̀ ńkọ́?"

"Mà á kọ́ wọn ní ọkọ̀ wíwà. Wọn ò ní lè bínú sí mi nínú ọkọ̀. Bíréèkì kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi."

Abẹ́rẹ́ rẹ́rìn-ín, ó gbé orí lé e léjìká díẹ̀. Díẹ̀ yẹn gùn. Nígbà tí wọ́n fi máa sọ̀ kalẹ̀, wọ́n ti pa ìdérí búùtù dé, ìyá ti jókòó síwájú ọkọ̀, ó ń wo ọ̀ọ́kán bí ẹni tí wọ́n ń ya fọ́tò rẹ̀. Bọ̀ọ̀dá Jíìpù ń nu ọwọ́ mọ́ ṣòkòtò. Ọwọ́ náà pọ́n fún ìpẹtà. Abẹ́rẹ́ rí i, ṣùgbọ́n ojú ìfẹ́ ni ojú rẹ̀ nígbà yẹn. Ojú ìfẹ́ kì í ka ìpẹtà sí.

Wọ́n gbéra. Ìyá wà níwájú nítorí orúnkún rẹ̀, Abẹ́rẹ́ wà lẹ́yìn láàárín ẹrù, aago ògiri wà lórí itan rẹ̀. Ọkọ̀ náà rọra jáde sí ọ̀nà ńlá. Ọ̀nà tẹ́jú, ọjọ́ dára, ẹ́ńjìnì ń kùn bí oyin. Ó kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ akẹ́rù méjì, ó wọ àárín ibi tóóró láìfara kan ẹnikẹ́ni. Abẹ́rẹ́ fẹ́ràn Jẹ́jẹ́ ju ìgbàkígbà lọ. Ìka ìyá tó di ilẹ̀kùn mú ti ń tú díẹ̀díẹ̀.

Àfi ìgbà tí wọ́n kan gegele àkọ́kọ́ tí wọ́n fi ń dín eré kù. Ìdí ọkọ̀ họ ilẹ̀, ó ní *kírà*. Jẹ́jẹ́ gbé ojú sókè wo díńgí.

"Ẹ máà bínú," ló sọ, bóyá fún ìyá, bóyá fún ọkọ̀.

Gegele kejì, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dúró pátápátá kó tó gùn ún, síbẹ̀, *kírà*. Nígbà tí wọ́n kan kọ́nà, Abẹ́rẹ́ rí ohun tí kò rí rí: ọwọ́ náà yí sítíárìn, ó sì tún un yí, bí ẹni ń wá nǹkan nínú òkùnkùn. Iwájú orí Jẹ́jẹ́ ká jọ. Ó dín eré kù. Ó fi ààyè sílẹ̀ láàárín òun àti ọkọ̀ akẹ́rù tó wà níwájú, ààyè tó pọ̀ débi pé àwọn tó wà lẹ́yìn ń fọn fèrè lé e.

"Wọ́n ń kí ẹ o," ni ìyá wí. "Ṣé o ò lè sáré ni?"

"Mo lè sáré, Mọ́mì. Ohun tí mò ń wò ni bóyá mo lè dúró."

Òkè bẹ̀rẹ̀. Ọkọ̀ kékeré náà gun ún bí ejò ṣe ń gun àgbọn, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ní jíà kejì, lẹ́yìn náà ní jíà kìíní, ohùn rẹ̀ lọ sókè, kò sì kọ̀. Wọ́n ti fẹ́rẹ̀ẹ́ dé orí rẹ̀, níbi tí ọ̀nà ti tẹ́jú díẹ̀, nígbà tí iná pupa tàn lójijì ní ìdí ọkọ̀ akẹ́rù iwájú. Ewúrẹ́ kan ló já wọ títì. Jẹ́jẹ́ tẹ bíréèkì. Ọkọ̀ kékeré yìí, tó máa ń dúró bí ẹyẹ ṣe ń bà lé ẹ̀ka, ò dúró. Ó ń lọ. Ó ṣì ń lọ. Ìdí ọkọ̀ akẹ́rù náà ń tóbi sí i nínú gíláàsì, ìyá na ọwọ́ síwájú, Abẹ́rẹ́ fi àyà bo aago. Jẹ́jẹ́ ò yà, kò kígbe, ẹsẹ̀ rẹ̀ wà níbi tó wà, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì di sítíárìn mú ṣinṣin. Ọkọ̀ dúró. Èèyàn kan lè gba àárín wọn kọjá, ṣùgbọ́n tó bá sanra, á fẹ̀gbẹ́ rìn.

Ewúrẹ́ kọjá lọ láìdúpẹ́.

Ààyè tí wọ́n torí ẹ̀ fọn fèrè lé e, òun ló gba wọ́n là. Ìyá yíjú wò ó, ó tún yíjú padà.

Jẹ́jẹ́ rọra wa ọkọ̀ dé orí òkè, ó yà sí iwájú ìsọ̀ onítáyà kan tó mọ̀ dáadáa, ó pa ẹ́ńjìnì. Lódìkejì, ọ̀nà gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ kan dà sísàlẹ̀, ó gùn, ó ń ṣe kọ́lọkọ̀lọ. Òrùlé ilé ẹ̀gbọ́n ìyá wà nísàlẹ̀ rẹ̀ lọ́hùn-ún.

"Mọ́mì," ló wí, ohùn rẹ̀ ò le, kò sì rọ̀. "Nǹkan kan wà nínú ọkọ̀ yìí tí kì í ṣe èmi ni mo gbé e síbẹ̀. Ìdí búùtù ló wà, ní ìpẹ̀kun pátápátá. Ó wúwo, ó sì kéré."

Abẹ́rẹ́ rántí ọwọ́ tó pọ́n fún ìpẹtà. "Mọ́mì?"

Ìyá ń wo ọ̀ọ́kán.

Jẹ́jẹ́ sọ̀ kalẹ̀, ó ṣí búùtù. Lábẹ́ kúbùsù ni ó ti bá a: fáìsì, irin ẹlẹ́nu bí ẹ̀mú tí wẹ́dà máa ń fi di irin mìíràn mú kó má bàa mì, ó dúdú, ìpẹtà ti mú un pọ́n, ẹnu rẹ̀ là bí ẹnu ajá. Abẹ́rẹ́ mọ̀ ọ́n. Láti kékeré ni òun ti máa ń gbé ọmọláńgidi rẹ̀ jókòó lé e nínú ìsọ̀ bàbá.

Ìyá ti sọ̀ kalẹ̀, ó fara ti ọkọ̀. "Ọkọ mi nìyẹn," ló wí. "Gbogbo irinṣẹ́ rẹ̀ ni mo ti fún àwọn ọmọṣẹ́ rẹ̀. Èyí, ọwọ́ rẹ̀ ló mú kí ọ̀pá rẹ̀ máa dán báyìí. Mo mọ̀ pé tó o bá wọ̀n ọ́n, wàá ní kí n fi sílẹ̀. Tó o bá fẹ́ jù ú nù, jù ú nù. Èmi náà á dúró tì í níbí."

Afẹ́fẹ́ òkè fẹ́. Abẹ́rẹ́ mọ̀ pé ibi tí wọ́n dúró sí yìí ni èsì wà, kì í ṣe nísàlẹ̀ òkè. Tí ọkùnrin yìí bá sọ ọ̀rọ̀ kan tó le, àní kó tọ̀nà, ó ti parí.

Jẹ́jẹ́ nu ìpẹtà kúrò lára fáìsì náà pẹ̀lú apá ṣẹ́ẹ̀tì funfun rẹ̀. "Mọ́mì, ẹ̀bi wa méjèèjì ni," ló wí. "Ẹ̀yin gbé bàbá pamọ́. Èmi náà gbé nǹkan pamọ́."

"Kí lo gbé pamọ́?"

Ó wo ilẹ̀. "Ìgbà tí mo fojú dí yín wọ̀n. Ìtìjú mú mi. Mo... mo dín yín kù."

"O dín mi kù?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, mà."

"O dín mi kù tó bí mélòó?"

"Ó pọ̀ díẹ̀, mà. Mo ní ìyá ìyàwó mi nìyí, kí n má ṣe àfojúdi. Mo ti ń kọ́ èèyàn lọ́kọ̀ ọjọ́ ti pẹ́, mi ò purọ́ fún òṣùwọ̀n rí, àfi lónìí. Irọ́ yẹn wà nínú bíréèkì tá a tẹ̀ lẹ́ẹ̀kan yẹn."

Ìyá ranjú mọ́ ọn. Lẹ́yìn náà, nǹkan kan bẹ̀rẹ̀ nínú ikùn rẹ̀, ó gòkè dé àyà, ó dé ọ̀fun, ó bẹ́. Ẹ̀rín! Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di ọkọ̀ mú, ọkọ̀ náà sì ń bá a mì. "Ó dín mi kù! Ẹ gbọ́ o, onítáyà, ọmọ yìí dín mi kù! Ó gé lára mi bí ẹni ń gé aṣọ!" Ó nu omi ojú. "Bàbá Abẹ́rẹ́ ì bá gbọ́ èyí."

"Ó ti gbọ́, mà," ni Jẹ́jẹ́ wí, ó na ìka sí fáìsì. "Ṣé ẹ ò rí i pé ẹnu rẹ̀ là ni?"

Ó wá ká ọwọ́ ṣẹ́ẹ̀tì sókè. Ohun tó ṣe lẹ́yìn ìyẹn, Abẹ́rẹ́ ò ní gbàgbé láé. Kò wo àpótí ìyá, kò wo ìkòkò ìyá. Sípíkà rẹ̀ ló gbé jáde, sípíkà tó fi ọwọ́ ara rẹ̀ kàn, tí ìfẹ́ wọn gbọ́njú nídìí rẹ̀. Ó gbé e fún onítáyà. "Bá mi tọ́jú rẹ̀ kí n tó padà. Má jẹ́ kí òjò pa á." Ó tún gbé ẹ̀rọ afẹ́fẹ́ àti gbogbo irinṣẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ tì í. Ó gbé ìkòkò irin lọ sí búùtù, ó tì wọ́n mọ́ ẹ̀yìn ìjókòó, ó sì fi àyà gbé fáìsì náà wá sí ibi tí wọ́n ti kúrò, nílẹ̀, láàárín gbùngbùn ọkọ̀. Ó fi okùn dè é mọ́ ẹsẹ̀ ìjókòó kó má bàa yí.

"Bàbá wa máa jókòó síbí," ló wí. "Ibi tó dáa jù nínú ọkọ̀ nìyẹn. Ní ìdí búùtù lọ́hùn-ún, wọ́n ń ti iwájú wa sókè. Níbí, wọ́n á máa bá wa tẹlẹ̀ ni."

"Sípíkà rẹ ńkọ́?" ni Abẹ́rẹ́ bi í.

"Orin lè dúró dè wá. Kò sí ohun tó ń lé e."

Ìyá ń wo okùn tó fi dè é.

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀. Jíà kejì ni Jẹ́jẹ́ fi sí láti òkè, kò sì yọ ọ́. Ọkọ̀ náà ń kùn, ó ń kùn, ó ń lọ bí arúgbó tó mú ọ̀pá dání. Ìyá wo ẹsẹ̀ rẹ̀.

"O ò tẹ bíréèkì."

"Ẹ́ńjìnì ló ń dì wá mú, Mọ́mì. Bíréèkì tó bá ń ṣiṣẹ́ láìsinmi, á gbóná, á sì rẹ̀ ẹ́ lọ́jọ́ tá a nílò rẹ̀ gan-an. Mo fẹ́ kí tiwa tutù."

Kọ́nà àkọ́kọ́ dé, ọwọ́ náà yí sítíárìn lẹ́ẹ̀kan péré, ọkọ̀ sì yà wẹ́rẹ́, bí ẹni pé ó ti mọ̀ tẹ́lẹ̀. Kọ́nà kejì. Ó tẹ bíréèkì díẹ̀, ó tú u sílẹ̀. Ọkọ̀ kékeré, èèyàn mẹ́ta, ilé odidi kan nínú rẹ̀ àti bàbá tó ti lọ, ó ń sọ wọ́n kalẹ̀ lẹ́sọ̀lẹ́sọ̀. Abẹ́rẹ́ ń wo ọrùn olólùfẹ́ rẹ̀ láti ẹ̀yìn, ó ń wo ìpẹtà tó wà lápá ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Nínú ìwé ìfẹ́, ọkùnrin a máa gun ẹṣin, a máa bá ọlọ́ṣà jà. Kò sẹ́ni tó sọ fún un pé ọkùnrin lè fi jíà kejì gbé ìyá èèyàn sọ̀ kalẹ̀ lórí òkè, kí omijé sì bọ́ lójú ẹni.

Aago lórí itan rẹ̀ ń dún. Kọ́nà ìkẹyìn kọjá. Ìka ìyá ò di ilẹ̀kùn mú mọ́. Ó wà lórí itan rẹ̀, ó sinmi.

Ẹ̀gbọ́n ìyá ti wà lẹ́nu ọ̀nà, ó ń pàtẹ́wọ́, ó ń kí wọn káàbọ̀. Ìyá sọ̀ kalẹ̀, ó na ẹ̀yìn, ṣùgbọ́n kò wọlé. Ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀. Jẹ́jẹ́ dúró níwájú rẹ̀, ọwọ́ lẹ́yìn, bí akẹ́kọ̀ọ́ tó ń dúró de máàkì. Abẹ́rẹ́ ṣì gbá aago mọ́ra. Kò rántí gbé e sílẹ̀.

"Gbé e wá," ni ìyá wí.

"Kí ni, mà?"

"Òṣùwọ̀n yẹn. Ṣebí ó wà lábẹ́ ìjókòó?"

Jẹ́jẹ́ wo Abẹ́rẹ́, Abẹ́rẹ́ wo Jẹ́jẹ́. Ó gbé òṣùwọ̀n náà wá, ó fi sí ibi tó tẹ́jú. Ìyá bọ́ bàtà rẹ̀, ó di èjìká ọmọkùnrin náà mú, ó gbé ẹsẹ̀ kan lé e, ó gbé èkejì lé e, ó sì nà ró ṣánṣán bí ayaba lórí ìtẹ́.

"Kà á."

Jẹ́jẹ́ tẹjú mọ́ ọn. "Mọ́mì, ó..."

"Pè é sókè! Kí ẹ̀gbọ́n mi gbọ́, kí ará àdúgbò gbọ́. Má dín ẹyọ kan. Ọkùnrin tó máa fẹ́ ọmọ mi ò gbọdọ̀ purọ́ fún mi nítorí ìtìjú."

Ó pè é sókè. Ẹ̀gbọ́n ìyá ní, "Háà!" Ìyá ò bìkítà.

"Ó dáa," ló wí, ó sọ̀ kalẹ̀ kúrò lórí òṣùwọ̀n, ọwọ́ rẹ̀ ò sì kúrò léjìká rẹ̀. "Fi pamọ́ sórí. Padà lọ gbé sípíkà rẹ, kí òjò má pa á, nítorí orin máa wà lọ́jọ́ náà. Ṣùgbọ́n tó o bá ń ṣírò ẹrù ọjọ́ ìgbéyàwó, kó o yáa tètè fi mí kún un. Iwájú ni mò ń jókòó o."